Bí ẹ ṣe lè tẹ emoji kíákíá lórí láptọ́ọ̀pù, àti ìdí tó fi ń di àpótí òfìfo lọ́dọ̀ ẹlòmíràn



Ẹni tó bá sọ̀kalẹ̀ ní Ladi-Lak, tó wá rọra fẹsẹ̀ rìn láti Bàrígà wọ Ṣómólú, kò ní í pẹ́ gbọ́ ìró ẹ̀rọ ìtẹ̀wé. Káàdì ìgbéyàwó, ìwé ètò ìsìnkú, kàlẹ́ńdà, ìwé ìpolówó, kò sí èyí tí wọn kì í tẹ̀ ládùúgbò yìí. Láptọ́ọ̀pù ni púpọ̀ nínú iṣẹ́ náà ti ń bẹ̀rẹ̀. Oníbàárà á fi ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ lórí WhatsApp, ẹni tó jókòó sídìí kọ̀ǹpútà á gbé e sínú iṣẹ́. Lóde òní, ọ̀rọ̀ yẹn kì í dá wá mọ́. Á kó ojú tó ń rẹ́rìn-ín, ọwọ́ méjì tó pàdé, òdòdó àti ọkàn pupa dání. Àwọn yẹn là ń pè ní emoji.

Lórí fóònù, ọmọdé pàápàá mọ bí wọ́n ṣe ń tẹ̀ ẹ́. Ìdí láptọ́ọ̀pù ni ọ̀rọ̀ ti máa ń dojú rú. Mo mọ àwọn tó jẹ́ pé orí fóònù ni wọ́n á ti tẹ emoji, wọ́n á fi ránṣẹ́ sí ara wọn, wọ́n á wá ṣí i lórí kọ̀ǹpútà kí wọ́n tó kọ́pì rẹ̀. Ọ̀nà yẹn ti jìn jù. Bọ́tìnì méjì péré ló gbà lórí ọ̀pọ̀ láptọ́ọ̀pù. Ṣùgbọ́n títẹ̀ ẹ́ nìkan kọ́ ni iṣẹ́. Ó yẹ ká mọ ohun tí yóò dé ọwọ́ ẹni tí a fi í ránṣẹ́ sí.

Kí ni emoji gan-an?

Èdè àwọn ará Japan ni orúkọ yẹn. "E" ni àwòrán, "moji" ni lẹ́tà. Ní ọdún 1997 ni ilé iṣẹ́ fóònù kan níbẹ̀, J-Phone, gbé 90 irú àwòrán bẹ́ẹ̀ jáde. Ní 1999, ọ̀gbẹ́ni Shigetaka Kurita ya 176 fún ilé iṣẹ́ NTT DoCoMo. Àwọn 176 yẹn ti di ohun ìṣẹ̀ǹbáyé: ilé ìkóhun-ọnà-pamọ́ sí MoMA ní New York gbà wọ́n sọ́dọ̀ ní 2016.

Nígbà náà, emoji ilé iṣẹ́ kan kì í yé fóònù ilé iṣẹ́ mìíràn. Ohun tó tún un ṣe ni Unicode, ìyẹn ìwé àkọsílẹ̀ tó fún gbogbo lẹ́tà tí aráyé ń kọ ní nọ́ńbà kọ̀ọ̀kan. Ní 2010 ni wọ́n kó emoji wọnú rẹ̀ lọ́pọ̀ yanturu. Láti ìgbà náà, emoji kì í ṣe fọ́tò mọ́. Lẹ́tà ni, gẹ́gẹ́ bí A àti B ṣe jẹ́ lẹ́tà.

Ibẹ̀ ni kókó ọ̀rọ̀ wà. Bí ẹ bá fi emoji ránṣẹ́, àwòrán kọ́ ló ń rìnrìn àjò, nọ́ńbà ni. Ẹ̀rọ tó bá gbà á ni yóò fi ọwọ́ ara rẹ̀ ya àwòrán náà. Ó dà bí àrokò àwọn baba wa. Bí wọ́n bá fi owó ẹyọ mẹ́fà ránṣẹ́ sí ènìyàn, "ọkàn mi ń fà sí ọ" ni. Bó bá jẹ́ mẹ́jọ, "ọ̀rọ̀ wa jọ" ni. Ṣùgbọ́n bí ẹni tó gbà á kò bá mọ àrokò, owó ẹyọ lásán ló máa rí. Kọ̀ǹpútà tí kò mọ nọ́ńbà tí ẹ fi ránṣẹ́ náà, àpótí òfìfo ló máa yà.

Bí láptọ́ọ̀pù yín bá jẹ́ Windows 10 tàbí 11

1. Ẹ kọ́kọ́ tẹ ibi tí ẹ fẹ́ kọ nǹkan sí, kí ìlà kékeré tó ń ṣẹ́jú yẹn lè wà níbẹ̀.

2. Ẹ di bọ́tìnì tó ní àmì Windows mú. Òun ló wà nísàlẹ̀ lọ́wọ́ òsì, nítòsí Ctrl àti Alt. Bí ẹ ṣe dì í mú, ẹ tẹ bọ́tìnì àmì ìdánudúró (.) lẹ́ẹ̀kan. Bí ẹ bá lo (;) dípò rẹ̀, ohun kan náà ló máa ṣe.

3. Àpótí emoji á yọ. Ẹ má wulẹ̀ máa wá a kiri. Ẹ tẹ orúkọ ohun tí ẹ ń wá lédè Gẹ̀ẹ́sì: laugh fún ẹ̀rín, pray fún ọwọ́ àdúrà, drum fún ìlù, cake fún kéèkì.

4. Ẹ fi bọ́tìnì ọlọ́fà rìn dé orí èyí tí ẹ fẹ́, kí ẹ tẹ Enter. Ẹ lè mú méjì, mẹ́ta. Bí ẹ bá ṣe tán, ẹ tẹ Esc, àpótí náà á pa dé.

Àwọn tí ẹ lò kẹ́yìn máa ń wà lókè pátápátá, nítorí náà lẹ́yìn ọjọ́ mélòó kan, ẹ ò ní nílò láti máa wá nǹkan kan. Bí ẹ bá fẹ́ kí ọwọ́ tàbí ojú ènìyàn jẹ́ àwọ̀ dúdú bíi tiwa, ẹ wo apá àwọn èèyàn nínú àpótí náà, ẹ óò rí ibi tí wọ́n ti ń yan àwọ̀ ara. Oríṣi àwọ̀ márùn-ún ló wà, ọdún 2015 ni wọ́n fi kún un.

Tókunbọ̀ tó ṣì ń lo Windows 7 kò ní àpótí yìí. Ẹ ṣí WhatsApp Web, ẹ mú emoji níbẹ̀, kí ẹ kọ́pì rẹ̀ síbi tí ẹ fẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ mọ̀ pé púpọ̀ nínú àwọn tuntun kò ní hàn dáadáa lórí rẹ̀.

Bó bá jẹ́ Mac

Ẹ di Control àti Command mú pọ̀, kí ẹ wá tẹ bọ́tìnì gbọọrọ ìsàlẹ̀, ìyẹn Space. Lórí àwọn Mac tó jẹ́ tuntun, ẹ wo ìsàlẹ̀ lọ́wọ́ òsì bóyá bọ́tìnì kan wà tó ní àwòrán ayé roboto. Bó bá wà, ẹ dì í mú kí ẹ tẹ E. Àpótí emoji á jáde, ẹ óò sì rí ibi tí ẹ ti lè tẹ orúkọ wá a. Bí ẹ bá tẹ àwòrán ọwọ́ tí ẹ kò sì tètè jáwọ́, àwọn àwọ̀ ara á yọ síta kí ẹ yan èyí tó wù yín.

Bó bá jẹ́ Chromebook tàbí Linux

Lórí Chromebook, ẹ wo ẹ̀gbẹ́ òsì, níbi tí Caps Lock máa ń wà lórí kọ̀ǹpútà mìíràn. Bọ́tìnì ìwákiri ló wà níbẹ̀. Ẹ dì í mú pẹ̀lú Shift, kí ẹ tẹ Space.

Ẹ̀yin tó ń lo Ubuntu tàbí Linux mìíràn tó ní ojú GNOME, Ctrl pẹ̀lú àmì ìdánudúró (.) ni yóò ṣí i nínú ọ̀pọ̀ ètò tó bá ojú GNOME wá.

Ọ̀nà àbùjá nínú ohun tí ẹ ń lò lójoojúmọ́

WhatsApp Web: ẹ tẹ àmì (:), kí ẹ sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ orúkọ emoji náà láì fi àlàfo sí i. Bí àpẹẹrẹ, :laugh. Wọ́n á tò wọ́n síwájú yín, ẹ óò yan èyí tí ẹ fẹ́, ẹ óò tẹ Enter. Ọwọ́ ò ní kúrò lórí kíbọ́ọ̀dù rárá.

Google Docs: ẹ tẹ @ àti (:) tẹ̀lé ara wọn, kí ẹ wá kọ orúkọ rẹ̀.

Microsoft Word lórí Windows: ẹ lè kọ nọ́ńbà emoji náà gan-an, kí ẹ di Alt mú, kí ẹ sì tẹ X. 1F602 á di 😂. 1F64F á di 🙏. 1F941 á di ìlù àti ọ̀pá rẹ̀ 🥁. Ẹ fi àlàfo sílẹ̀ kí ẹ tó kọ nọ́ńbà náà o. Bí ọ̀rọ̀ tó ṣáájú bá parí sí nọ́ńbà tàbí lẹ́tà a, b, c, d, e tàbí f, tí kò sì sí àlàfo láàárín, Word á kà á mọ́ nọ́ńbà náà, ohun tí ẹ kò bẹ̀ ẹ́ ló máa gbé jáde.

Èyí tó yá jù lọ fún ẹni tó ń tẹ ohun kan náà nígbà gbogbo ni kó ṣe àbùjá tirẹ̀. Nínú Word, ẹ lọ sí File, Options, Proofing, kí ẹ ṣí AutoCorrect Options. Lórí Mac, inú ètò Keyboard ni ẹ óò ti rí Text Replacements. Ẹ kọ ohun tí ẹ óò máa tẹ̀, bíi xadura, sí apá kan, kí ẹ fi 🙏 sí apá kejì. Láti ọjọ́ náà lọ, bí ẹ bá ti tẹ xadura, ọwọ́ méjèèjì á pàdé. Ẹ má lo ọ̀rọ̀ tí ẹ máa ń kọ lójoojúmọ́ o, kí emoji má baà máa já wọ inú lẹ́tà ìwáṣẹ́ yín.

Kí ló dé tó fi ń yí padà lọ́nà?

Èmi tí mò ń kọ èyí ti fara kááṣá rí. Ìyá kan nínú ẹbí wa pé àádọ́rin ọdún, èmi ni wọ́n ní kí n kọ ìwé ètò. Mo kọ ọ́ nílé, mo fi òdòdó àti kéèkì sí ẹ̀gbẹ́ orúkọ màmá, ó dùn ún wò. Mo fi fáìlì Word náà ránṣẹ́ sí ibi tí wọ́n ti máa tẹ̀ ẹ́. Wọ́n ní kí n wá wo ẹ̀dà àkọ́kọ́. Iṣẹ́ ò jẹ́ n ráyè, mo ní kí wọ́n ṣáà máa tẹ̀ ẹ́ lọ. Igba ẹ̀dà ni. Láàárọ̀ ọjọ́ ayẹyẹ ni mo ṣí páálí: àpótí òfìfo mẹ́ta ló tò sí ẹ̀gbẹ́ orúkọ màmá. Màmá wò ó, wọ́n ní, "Ṣé a máa máàkì ibí yìí ni?" Gbogbo ilé rẹ́rìn-ín. Èmi ò lè bá wọn rín in.

Ẹ̀bi ẹnikẹ́ni kọ́, ẹ̀bi mi ni. Láptọ́ọ̀pù mi mọ nọ́ńbà yẹn, kọ̀ǹpútà tó gbà á kò mọ̀ ọ́n. Ẹ wo àwọn ibi tó ti máa ń ṣẹlẹ̀:

Àpótí òfìfo. Fọ́ǹtì tó wà lórí kọ̀ǹpútà náà kò ní emoji tí ẹ tẹ̀. Àwọn tó ń ṣiṣẹ́ fọ́ǹtì ń pe àpótí yẹn ní tofu, ìyẹn wàrà sóyà tí wọ́n ń gé sí igun mẹ́rin. Ibẹ̀ ni Google ti mú orúkọ fọ́ǹtì rẹ̀ tó ń jẹ́ Noto: kí tofu má sí mọ́.

Àsíá Nàìjíríà tó di NG. Lẹ́tà àkànṣe méjì, N àti G, ni àsíá wa nínú Unicode. Fóònù á rí wọn lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, á ya àsíá aláwọ̀ ewé àti funfun. Windows kò fi àsíá orílẹ̀-èdè kankan sínú fọ́ǹtì emoji tirẹ̀, nítorí náà NG ni ẹ óò rí nínú Word, kì í ṣe ti Nàìjíríà nìkan. WhatsApp Web ń lo àwòrán ara rẹ̀, ìdí nìyẹn tí ẹ fi ń rí àsíá níbẹ̀. Bí ẹ bá rí NG, ẹ má pa á rẹ́. Á di àsíá padà bó bá dé orí fóònù.

Ẹbí tó túká. Emoji ìyá, bàbá àti ọmọ kì í ṣe ẹyọ kan. Emoji mẹ́ta ni wọ́n so pọ̀ pẹ̀lú àmì tí ojú ò rí. Lórí ẹ̀rọ àtijọ́, okùn yẹn á já, kálukú á dá dúró. Bẹ́ẹ̀ náà ni àwọ̀ ara ṣe lè yọ sọ́tọ̀ bí àmì onígun mẹ́rin lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọwọ́ aláwọ̀ ìyeyè.

Lẹ́tà J tí kò nítumọ̀. Bí ẹ bá ti gba ímeèlì tó parí sí J rí, kì í ṣe àṣìṣe ẹni tó kọ ọ́. Ó tẹ :) nínú Outlook, ètò náà sọ ọ́ di ojú ẹ̀rín nínú fọ́ǹtì Wingdings. Nínú fọ́ǹtì yẹn, orí J ni ojú ẹ̀rín wà. Nígbà tí kọ̀ǹpútà yín kò lo Wingdings, J lásán ló kù.

Bí iṣẹ́ bá ń lọ sọ́dọ̀ atẹ̀wé ní Ṣómólú

Ẹ má fi Word nìkan ránṣẹ́. Ẹ sọ ọ́ di PDF, nítorí pé PDF lè gbé fọ́ǹtì dání. Kí ẹ tó fi PDF náà ránṣẹ́, ẹ ṣí i lórí kọ̀ǹpútà mìíràn tàbí fóònù ẹlòmíràn.

Bí emoji bá máa tóbi lójú ìwé, ẹ má tẹ̀ ẹ́ bíi lẹ́tà, ẹ fi í síbẹ̀ bí àwòrán. Ẹ lè lo Noto Emoji ti Google tàbí Twemoji lọ́fẹ̀ẹ́. Ti Twemoji, àdéhùn rẹ̀ ni pé kí ẹ dárúkọ ẹni tó ni ín. Àwòrán emoji Apple ní tiẹ̀ kì í ṣe ọ̀fẹ́ fún iṣẹ́ títà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òun ló wà lórí fóònù ọ̀pọ̀ ènìyàn.

Bí dúdú àti funfun ni ẹ fẹ́ tẹ̀, ẹ rántí pé ojú aláwọ̀ ìyeyè àti ọkàn pupa á di eérú. Nígbà mìíràn, ó sàn kí ẹ yọ ọ́.

Paríparì rẹ̀, ẹ lọ wo ẹ̀dà àkọ́kọ́ lórí bébà, kì í ṣe lórí fóònù. Owó ọkọ̀ láti Ladi-Lak dé Ṣómólú kò tó owó igba ìwé.

Ilẹ̀kùn kan náà ló ṣí fún ẹ, ọ àti ṣ

Àpótí tó ń bọ́ sórí òdòdó lè bọ́ sórí orúkọ yín náà. Ẹ, ọ àti ṣ ní nọ́ńbà nínú Unicode gẹ́gẹ́ bí emoji ṣe ní. Nínú Word lórí Windows, ẹ tẹ 1EB9, kí ẹ di Alt mú, kí ẹ tẹ X: ẹ ló máa jáde. 1ECD á di ọ, 1E63 á di ṣ. Fún lẹ́tà ńlá, 1EB8 ni Ẹ, 1ECC ni Ọ, 1E62 ni Ṣ. Ẹ lè ṣe àbùjá tiwọn náà bí a ṣe ṣe ti 🙏.

Bí ẹ bá ń kọ Yorùbá lójoojúmọ́, ẹ fi kíbọ́ọ̀dù Yorùbá kún Windows nínú Settings, níbi tí wọ́n ti ń yan èdè. Lórí Mac, ẹ yan kíbọ́ọ̀dù ABC Extended. Ẹ di Option mú pẹ̀lú X, ẹ jáwọ́, kí ẹ wá tẹ e, ẹ ló máa jáde. Ẹni tó ní àyè fún emoji mẹ́ta lẹ́yìn gbólóhùn kò yẹ kó sọ pé àmì ìsàlẹ̀ ń gba àkókò.

Ẹni tí ẹ ń fi í ránṣẹ́ sí ńkọ́?

Àwọn ọ̀dọ́ ti sọ 😭 di ẹ̀rín àrínmẹ́kún. Lójú àgbàlagbà, ẹkún ni. Bí ẹ bá fi í dá ìyá yín lóhùn lórí ọ̀rọ̀ tó pa yín lẹ́rìn-ín, ẹ má yà á lẹ́nu bí wọ́n bá pè yín pé kí ló ṣẹlẹ̀. Ẹ̀yin àgbà náà, ẹ ṣọ́ 😂. Àwọn kan rò pé omijé ìbànújẹ́ ló wà lójú rẹ̀, wọ́n sì ń fi í sí ìsàlẹ̀ ìkéde òkú. Ẹ̀rín ni o. Ọ̀rọ̀ ìbánikẹ́dùn kò nílò emoji. Ẹ kọ ọ́ tán, kí ẹ fi orúkọ yín sí i.

Ẹ rántí àwọn tí ojú wọn kò ríran náà. Ẹ̀rọ tó ń ka ọ̀rọ̀ sí wọn létí ń pe orúkọ emoji síta. Bí ẹ bá to mẹ́wàá, ó lè pe orúkọ náà lẹ́ẹ̀mẹwàá kó tó dé ibi tí ọ̀rọ̀ wà.

Emoji tiwa dà?

Ìlù gígùn kan wọ inú Unicode ní 2020, òun ni 🪘. Gángan wa kò tíì sí níbẹ̀. Ní 2018, ọ̀dọ́mọkùnrin kan ní orílẹ̀-èdè Ivory Coast, O'Plérou Grebet, ya àwòrán kan lójoojúmọ́ fún odindi ọdún kan, láti fi ìgbé ayé ilẹ̀ Áfíríkà hàn. Zouzoukwa ló pè é. Wọ́n dára púpọ̀, àwọn èèyàn sì ń fi wọ́n ránṣẹ́ síra wọn. Ṣùgbọ́n àwòrán ni wọ́n, kì í ṣe lẹ́tà, nítorí pé wọn kò ní nọ́ńbà nínú Unicode. Ẹnikẹ́ni ló lè kọ̀wé sí àjọ Unicode láti dábàá emoji tuntun. Wọ́n máa ń ṣí àyè rẹ̀ sílẹ̀ lọ́dọọdún, wọ́n á sì béèrè ẹ̀rí pé àwọn èèyàn yóò lò ó dáadáa. A ní olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ ní Akọka àti Yábàá nítòsí wa níbí, a sì ní atẹ̀wé ní Ṣómólú tó ń ya gángan sára káàdì lójoojúmọ́. Iṣẹ́ ti wà nílẹ̀.

Kó tó dìgbà náà, ẹ ṣí láptọ́ọ̀pù yín báyìí, ẹ di bọ́tìnì Windows mú, kí ẹ tẹ àmì ìdánudúró. Bó bá ti yọ, ẹ ti mọ̀ ọ́n. Èyí tó kù ni kí ẹ rí i pé ohun tí ẹ tẹ̀ ni ẹlòmíràn rí.